Fíìmù Zina Saro-Wiwa lórí ilẹ̀ Ògóní: ṣé egbò ni kí kámẹ́rà fi hàn ni, àbí ohun tó ṣẹ́kù?

Aláwòrán_Ìbàdàn kọ ọ́ pé:

Ẹ kú àárọ̀ o, ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi. Mo fẹ́ kí a jọ yẹ iṣẹ́ obìnrin kan wò, ìyẹn Zina Saro-Wiwa, tó ń ṣe fíìmù dọkumẹ́ńtírì tó sì tún jẹ́ oníṣẹ́ ọnà. Ọmọ Ken Saro-Wiwa ni, òǹkọ̀wé ọmọ Ògóní tí ìjọba ológun Abacha yẹgi fún pẹ̀lú àwọn mẹ́jọ mìíràn ní Port Harcourt ní ọjọ́ 10, oṣù kọkànlá, ọdún 1995. Port Harcourt náà ni wọ́n bí obìnrin yìí sí ní 1976, ṣùgbọ́n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ti dàgbà. Ó ti ṣiṣẹ́ ní BBC, ó sì ti ṣe fíìmù kan tó ń jẹ́ This Is My Africa ní 2008, kí ó tó padà sílé láti máa fi ilẹ̀ baba rẹ̀ ṣe iṣẹ́. Ní 2014, ó sọ ọ́fíìsì tí bàbá rẹ̀ lò nígbà ayé rẹ̀ ní Port Harcourt di gbọ̀ngàn àfihàn iṣẹ́ ọnà tó pè ní Boys' Quarters Project Space.

Iṣẹ́ rẹ̀ tó gbà mí lọ́kàn jù ni Karikpo Pipeline ti ọdún 2015. Ojú ìwòran (screen) márùn-ún ni àwòrán rẹ̀ ti ń rìn pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Karikpo jẹ́ eégún àwọn ọ̀dọ́kùnrin Ògóní. Ìbòjú onígi tó ní ìwo bíi ti ẹtu ni wọ́n máa ń gbé wọ̀, ijó rẹ̀ sì le, wọn a fò sókè, wọn a tàkìtì, wọn a tún bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Nínú fíìmù yìí, orí ilẹ̀ tí ọ̀pá epo rọ̀bì gba abẹ́ rẹ̀ kọjá ni wọ́n ti ń jó, àti lẹ́bàá àwọn irin tí àwọn elépo fi sílẹ̀ nígbà tí wọ́n kó ẹrù wọn lọ. Drone ló ń gbé kámẹ́rà lókè wọn, tó fi jẹ́ pé ewé tútù àti ilẹ̀ gbalasa ni ojú wa kọ́kọ́ ń rí, kí a tó rí àwọn oníjó láàárín rẹ̀.

Ohun tó yà mí lẹ́nu ni pé ilẹ̀ náà lẹ́wà. Gbogbo àwòrán Ògóní tí mo ti ń rí láti kékeré, àwòrán ìparun ni: ẹja tó kú tó léfòó, iná gáàsì tí ń jó lóru, ọwọ́ tó bu epo dúdú sókè kí oníròyìn lè yà á. Obìnrin yìí mọ gbogbo ìyẹn jù mí lọ, nítorí pé bàbá rẹ̀ ni ọ̀ràn náà gbé lọ, síbẹ̀ ó yàn láti gbé ijó síwájú.

Iṣẹ́ rẹ̀ mìíràn, Table Manners, rọrùn láti ròyìn ṣùgbọ́n kò rọrùn láti wò tán. Ẹnì kan jókòó, oúnjẹ wà níwájú rẹ̀, ó kọjú sí kámẹ́rà, ó sì ń jẹun títí oúnjẹ fi tán. Kò sí ẹni tó ń bi í léèrè ọ̀rọ̀, kò sì sí ohùn tó ń ṣàlàyé. Orúkọ ẹni tó ń jẹun àti orúkọ oúnjẹ rẹ̀ ni àkọlé fídíò kọ̀ọ̀kan. Bí ó ti ń bu òkèlè ni a ń rí, bí ó ti ń bó ẹja kúrò lára egungun, bí ọ̀fun rẹ̀ ti ń lọ sókè sódò, tí ojú rẹ̀ kò sì kúrò lára wa. Oúnjẹ ilẹ̀ àti omi tí gbogbo ayé ti sọ pé ó ti bàjẹ́ ni ó sì ń jẹ.

Èrò tèmi, tí mo fẹ́ kí ẹ bá mi gbé yẹ̀ wò, ni pé ìrántí ń gbé inú ohun tí ara ènìyàn ṣì mọ̀ ọ́n ṣe lórí ilẹ̀ rẹ̀, ijó, oúnjẹ, ẹkún, ju bí ó ti ń gbé inú ẹjọ́ tí ó ń rò níwájú kámẹ́rà lọ. Bí fíìmù bá fi egbò nìkan hàn, ẹni tó ń wò ó yóò káàánú, ṣùgbọ́n kò ní mọ ohun tí wọ́n pàdánù. Mo ń béèrè nítorí pé èmi náà ń múra àtiṣe dọkumẹ́ńtírì kékeré kan ní etíkun Ìlàjẹ, mi ò sì tíì mọ ibi tí ó yẹ kí kámẹ́rà mi kọjú sí. Kí ni ẹ rí sí i?

Ìyá_Diobu fèsì pé:

Àbúrò mi, o ṣeun tí o gbé ọ̀rọ̀ yìí wá síbí. Ọmọ Òṣogbo ni mí, ṣùgbọ́n Port Harcourt ni mo ti ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì láti ìgbà tí mo ti lọ́kọ, nítorí náà ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìwé lọ́dọ̀ mi.

Fíìmù tó lẹ́wà ń bà mí lẹ́rù. Ní ọdún 2011, UNEP, àjọ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àyíká lábẹ́ Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé, gbé ìròyìn tí wọ́n ṣe lórí ilẹ̀ Ògóní jáde. Ní Nisisioken Ogale, wọ́n rí i pé benzene tó wà nínú omi kànga tí àwọn ènìyàn ń mu ju ìwọ̀n tí WHO, Àjọ Ìlera Àgbáyé, fọwọ́ sí lọ ní ìlọ́po 900. Benzene ni kẹ́míkà tó ń fa jẹjẹrẹ inú ẹ̀jẹ̀. Àwọn ibì kan wà tí epo ti rì wọ inú ilẹ̀ tó mítà márùn-ún. Àwọn onímọ̀ náà sì sọ ọ́ kedere pé àwọn ibì kan wà tí ojú ilẹ̀ rẹ̀ dára tí ewéko sì hù lórí rẹ̀, tó jẹ́ pé abẹ́ rẹ̀ ti bàjẹ́ pátápátá.

Gbólóhùn tó kẹ́yìn yẹn ni mo fẹ́ kí o gbé lé ọkàn. Drone tí ń fò lókè kò lè rí benzene. Ewé tútù tí o rí nínú fíìmù náà kò sọ fún ọ bóyá ilẹ̀ tó hù lórí rẹ̀ sàn. Bí ẹni tó wà ní Ìbàdàn tàbí ní Lọ́ńdọ̀nù bá wo àwọn ọmọkùnrin tí ń jó lórí koríko tútù, kí ni kò ní jẹ́ kó sọ pé nǹkan ti ń dára níbẹ̀? UNEP sọ nínú ìròyìn kan náà pé ìwẹ̀mọ́ ilẹ̀ náà lè gba ọdún 25 sí 30. Oṣù kẹfà ọdún 2016 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Osinbajo, tó jẹ́ igbá-kejì ààrẹ nígbà náà, lọ sí Bodo láti ṣí iṣẹ́ náà. Ọdún márùn-ún ti lọ kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀.

Láti nǹkan bí ìparí ọdún 2016, àwa tó wà nínú ìlú Port Harcourt náà ti ń fa èérú dúdú símú, èyí tí èéfín àwọn tó ń fọ epo nínú igbó ń gbé wá. Bí mo bá fi aṣọ funfun nu ojú fèrèsé mi láàárọ̀, àwọ̀ èédú ni yóò gbà. Bí ọmọdé bá fẹ imú rẹ̀, ìwọ yóò rí i nínú aṣọ ìnumú. A kì í fi ètè sílẹ̀ pa làpálàpá. Kí kámẹ́rà kọ́kọ́ fi ohun tí ń pa ènìyàn hàn, kí a tó máa wá ijó.

Olùkọ́_Ìtàn fèsì pé:

Ẹ̀gbọ́n Ìyá Diobu, mo kí yín fún iṣẹ́ tí ẹ ń ṣe, mo sì gba ọ̀rọ̀ yín lórí ohun tí kámẹ́rà kò lè rí. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n mú ìtàn díẹ̀ wọlé, nítorí pé ó dà bí ẹni pé a ń rò pé àwòrán egbò kò tíì pọ̀ tó.

Ọdún 1958 ni ilé iṣẹ́ epo Shell kan epo ní K-Dere ní ilẹ̀ Ògóní. Ní 1990 ni àwọn ọmọ Ògóní dá MOSOP, ẹgbẹ́ tó ń jà fún ẹ̀tọ́ wọn, sílẹ̀ tí wọ́n sì kọ ìwé ẹ̀tọ́ wọn. Ní ọjọ́ 4, oṣù kìíní, ọdún 1993, ogunlọ́gọ̀ wọn jáde sí ìta, tí ọ̀pọ̀ ìròyìn fi sí nǹkan bí 300,000, nínú ẹ̀yà tí iye wọn nígbà náà kò ju nǹkan bí ìdajì mílíọ̀nù lọ. Lọ́dún náà ni Shell dáwọ́ iṣẹ́ dúró níbẹ̀. Láti ìgbà náà ni kámẹ́rà àwọn oníròyìn ayé kò ti kúrò níbẹ̀, ohun kan náà ni wọ́n sì ń yà.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ìrántí tó fi ẹ̀sùn kàn ní gbangba. Sokari Douglas Camp, obìnrin ọmọ Kalabari tó ń fi irin ṣe ère ní Lọ́ńdọ̀nù, ṣe bọ́ọ̀sì irin kan ní 2006 láti fi rántí Ken Saro-Wiwa. Ó to àgbá epo sórí rẹ̀, ó sì kọ ọ̀rọ̀ tí Saro-Wiwa fi dá àwọn ilé iṣẹ́ epo lẹ́bi sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ní 2015, nígbà tí ogún ọdún ikú àwọn mẹ́sàn-án náà ń bọ̀, wọ́n fi bọ́ọ̀sì náà ránṣẹ́ sílé gẹ́gẹ́ bí ẹ̀bùn fún àwọn ọmọ Ògóní. Nígbà tó gúnlẹ̀ sí Èkó, àwọn aṣọ́bodè gbẹ́sẹ̀ lé e. Lọ́dún yẹn kan náà ni Zina Saro-Wiwa gbé Karikpo Pipeline àti àwọn iṣẹ́ rẹ̀ tó kù lọ sí Blaffer Art Museum ní Houston, ìlú tó jẹ́ pé owó epo ló gbé e ró. Ijó kò sí lára ẹrù tí aṣọ́bodè lè dá dúró. Ó wọ inú ilé àwọn tí ọ̀rọ̀ náà bá wí, ó sì fi hàn wọ́n pé àwọn ènìyàn ṣì ń gbé lórí ilẹ̀ tí ọ̀pá náà gbà kọjá.

Ọ̀rọ̀ ẹkún tí Aláwòrán Ìbàdàn mẹ́nu bà náà kò gbọdọ̀ lọ bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn tí ìjọba yẹgi fún àwọn mẹ́sàn-án náà, wọn kò gbé òkú wọn fún ẹbí. Wọ́n sin wọ́n sí itẹ́ òkú ní Port Harcourt láìsí àmì lórí sàréè, ọ̀pọ̀ ọdún sì kọjá kí wọ́n tó hú egungun wọn jáde. Ọmọ tí kò rí òkú bàbá rẹ̀ sin, báwo ni yóò ṣe ṣọ̀fọ̀? Ní 2011, Zina ṣe fídíò kan tó pè ní Sarogua Mourning, nínú èyí tí ó ti fá irun orí rẹ̀ tí ó sì jókòó níwájú kámẹ́rà láti sunkún tí kò rí sun láti 1995. Ẹni tó bá ti rí i kò ní sọ mọ́ pé ohun tó rọrùn ni obìnrin náà ń wá nígbà tó yan ijó àti oúnjẹ.

Bàbá_Ìlaró fèsì pé:

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo kí gbogbo yín. Mo ti ka ohun tí ẹ kọ láti òkè dé ìsàlẹ̀, inú mi sì dùn pé ẹ kò bú ara yín.

Ẹnikẹ́ni kò tíì béèrè ohun tí èmi ní lọ́kàn. Eégún ni ẹ ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Eégún ní àsìkò, ó ní ibi tí ó ń jó dé, ó sì ní àwọn tó ni ín. Karikpo tí ẹ dárúkọ yìí, pẹ̀lú àsìkò oko ló máa ń rìn ní ilẹ̀ Ògóní. Nígbà tí oníkámẹ́rà bá mú un kúrò lójúde tí ó sì gbé e lọ síbi ọ̀pá epo, nítorí pé àwòrán ibẹ̀ ni ó fẹ́, ṣé eégún náà ló ṣì jẹ́, àbí ó ti di eré? Èmi kò sọ pé ó burú. Mo ń sọ pé ó yẹ kí a béèrè ẹni tó fún un láyè, nítorí pé nínú Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tiwa ní Yewa àti Kétu, ẹni tó bá gbé ìbòjú onígi jáde lọ́jọ́ tí kì í ṣe ọjọ́ rẹ̀ yóò jẹ́jọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé UNESCO ti kọ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ sínú ìwé àwọn ohun àjogúnbá ayé.

Ọmọ mi kan fi iṣẹ́ obìnrin náà mìíràn hàn mí, The Invisible Man, nínú èyí tí òun fúnra rẹ̀ ti gbé ìbòjú wọ̀. Ó ní kí àwọn agbẹ́gilére gbẹ́ ìbòjú tuntun kan fún òun, láti fi rántí àwọn ọkùnrin tí ikú mú lọ mọ́ ọn lọ́wọ́. Obìnrin kì í gbé eégún lọ́dọ̀ wọn, gẹ́gẹ́ bí kì í ti í gbé e lọ́dọ̀ wa, àyàfi pé lọ́dọ̀ tiwa Ìyá Àgan wà, obìnrin tó joyè nínú ẹgbẹ́ eégún, tí àwọn ọkùnrin kò lè ṣe láìsí i. Mo rò pé n ó bínú, ṣùgbọ́n mo wò ó lẹ́ẹ̀mejì, inú kò bí mi. Kò jí eégún ilé ẹnikẹ́ni gbé. Òkú tirẹ̀ ni ó gbé, igi tuntun ni ó gbẹ́ fún un, ojú rẹ̀ sì ni ó fi gbà á. Ẹni tí ó ní òkú ní ẹ̀tọ́ sí ẹ̀kú. Ti Karikpo ni mo ṣì fẹ́ kí ẹ ronú sí.

Aláwòrán_Ìbàdàn fèsì pé:

Ẹ ṣeun, Bàbá. Ọ̀rọ̀ àṣẹ yìí ṣe pàtàkì sí mi ju bí mo ti rò lọ kí n tó kà á. Ohun tí mo rí nínú fíìmù náà ni pé àwọn ọ̀dọ́kùnrin tí eégún náà jẹ́ tiwọn ni wọ́n ń jó o, lórí ilẹ̀ tiwọn. Ọ̀pá epo ni àlejò níbẹ̀. Kí ọ̀pá tó dé, ijó náà ti wà, ó sì ti mọ ojú ilẹ̀ náà. Ìdí nìyí tí mo fi ń rí i pé ìrántí gan-an ni fíìmù náà ń ṣe: ó ń bi ilẹ̀ náà bóyá ó ṣì mọ ẹsẹ̀ àwọn ọmọ rẹ̀ lẹ́yìn tí irin ti gba inú rẹ̀ kọjá.

Ẹ̀gbọ́n Ìyá Diobu, ọ̀rọ̀ yín lórí benzene kò jẹ́ kí n sùn dáadáa. Òótọ́ ni pé ẹwà lè bo májèlé mọ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ṣé àwòrán epo dúdú lórí omi kò bo nǹkan mọ́lẹ̀ bákan náà? Ẹni tó bá rí i yóò rò pé ibi tí epo bá ti hàn nìkan ló bàjẹ́. Nínú méjèèjì, ojú nìkan kò tó. Mo ti ń rò ó pé bóyá ohùn ni kí n gbé ohun tí ojú kò rí lé lórí.

Ọmọ_Ayétòrò fèsì pé:

Mo ti dákẹ́ látàárọ̀ nítorí pé mo fẹ́ gbọ́ tẹnu gbogbo yín. Níwọ̀n ìgbà tí àbúrò wa ti dárúkọ etíkun Ìlàjẹ, ó di dandan kí n sọ̀rọ̀.

Ayétòrò ni wọ́n bí mi sí. Fún ẹ̀yin tí ẹ kò mọ̀ ọ́n, àwọn Ìjọ Àpọ́sítélì Mímọ́ ló tẹ ìlú náà dó ní 1947 lórí ilẹ̀ ẹrẹ̀ tó wà láàárín òkun àti ọ̀sà, wọ́n sì pinnu pé ohun gbogbo yóò jẹ́ ti gbogbo ènìyàn. Wọ́n jọ ń pẹja, wọ́n jọ ń hun aṣọ, wọ́n jọ ń kan ọkọ̀ ojú omi, owó iṣẹ́ á sì bọ́ sínú àpò kan ṣoṣo. Orí afárá pákó ni a ń gbà rìn láti ilé dé ilé. Àwọn onímọ̀ láti ilẹ̀ òkèèrè wá ṣe ìwádìí nípa ìlú náà nígbà ayé rẹ̀. Lónìí, òkun ti gbé apá tó pọ̀ nínú rẹ̀ lọ: ilé, ilé ẹ̀kọ́, ibi iṣẹ́. Àwọn agbaṣẹ́ṣe ti gba iṣẹ́ láti dí òkun náà láti nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, wọ́n ti san owó, a kò rí òkúta kan ṣoṣo tó dá omi dúró.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí n sọ bí kámẹ́rà ṣe ń wá sọ́dọ̀ wa. Ọjọ́ tí òkun bá ya wọ̀lú ni wọ́n máa ń dé. Wọn a bọ́ bàtà wọn, wọn a wá ìyá àgbà kan tó dúró lórí pákó tó ti ya, wọn a ní kí ó nawọ́ sí ibi tí yàrá rẹ̀ wà tẹ́lẹ̀. Ìyá náà á nawọ́ sí omi. Wọn a yà á, wọn a sì wọ ọkọ̀ ojú omi padà kí ilẹ̀ tó ṣú. Mo ti rí ìyá kan náà nínú fídíò àwọn oníròyìn ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, ọwọ́ kan náà ni ó ń nà. Kò sí èyí tó béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ pé kí ni ó máa ń ṣe nínú yàrá yẹn. Aláṣọ híhun ni. Ó mọ iye okùn tí aṣọ kan ń gbà lórí, ó mọ orin tí wọ́n máa ń kọ sí òfì kí ọwọ́ má baà kánjú, ó sì mọ ẹni tó jókòó sí apá ọ̀tún rẹ̀ àti ẹni tó jókòó sí apá òsì. Bí ìyá náà bá lọ, gbogbo ìyẹn bá a lọ, a ó sì kù pẹ̀lú fídíò ọwọ́ tó nà sí omi.

Nítorí náà, mo wà lẹ́yìn Aláwòrán Ìbàdàn, mo sì mọ ohun tí ẹ̀gbọ́n nọ́ọ̀sì ń bẹ̀rù. Ní tiwa, kò sí ẹni tí yóò wo fíìmù Ayétòrò kó sọ pé ara wa le. Òkun kò ní ojú àbò tí ó fi ń bo nǹkan, ó kàn ń gbé e lọ ni. Egbò tiwa ń fi ara rẹ̀ hàn láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni wá a. Ohun tí kò hàn ni bí a ṣe ń gbé ayé. Bóyá ìyàtọ̀ tó wà láàárín Ògóní àti Ìlàjẹ nìyí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé epo wà nínú omi tiwa náà, a sì ti fi ẹ̀mí sí i: ní oṣù karùn-ún ọdún 1998, àwọn ọ̀dọ́ Ìlàjẹ lọ jókòó sórí pèpéle epo Parabe láti bá ilé iṣẹ́ epo Chevron sọ̀rọ̀, ọkọ̀ òfuurufú gbé àwọn sójà wá, ènìyàn méjì sì kú. Wọ́n gbé ẹjọ́ náà dé ilé ẹjọ́ ní San Francisco, àwọn ará wa kò jàre níbẹ̀ ní 2008.

Olùkọ́_Ìtàn fèsì pé:

Ọmọ Ayétòrò, ohun tí ẹ sọ nípa aláṣọ híhun yẹn rán mi létí ohun mìíràn tí Zina Saro-Wiwa ń ṣe. Ó ní iṣẹ́ kan tó pè ní Illicit Gin Institute, tó dá lórí ògógóró. Ìjọba òyìnbó amúnisìn fi òfin de ọtí tí àwọn ènìyàn wa ń sè láti ara ẹmu, wọ́n sì ń kó àwọn tó ń sè é lọ sẹ́wọ̀n, nígbà tí wọ́n ń gba owó ibodè lórí ọtí tí ọkọ̀ òkun ń kó wá. Títí di òní, ojú òfin tó ti kú yẹn ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ṣì fi ń wo ògógóró. Ẹ̀yin ará etídò, láti Ìkálẹ̀ títí dé Ìlàjẹ, mọ bí a ṣe ń dá ògùrọ̀, bí a ṣe ń fi í sílẹ̀ kó kan, àti bí a ṣe ń gbé ọ̀pá gba inú omi tútù kí oru rẹ̀ lè di ọtí. Ìmọ̀ nípa igi àti omi ni gbogbo rẹ̀. Ẹni tó bá ń wá ibi tí ìrántí àti ẹ̀dá àyíká ti pàdé, kó lọ sídìí ìkòkò ọtí ní àárọ̀ kùtùkùtù.

Ìyá_Diobu fèsì pé:

Mo ti ka gbogbo rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ọmọ Ayétòrò nípa ìyá tí wọ́n ń ní kó nawọ́ wọ̀ mí lára gan-an, nítorí pé mo ti rí irú rẹ̀ ní wọ́ọ̀dù, níbi tí wọ́n ti ń ní kí ìyá ọmọ tún ẹkún sun nítorí pé àwòrán àkọ́kọ́ kò mọ́lẹ̀ dáadáa.

N kò ní sọ mọ́ pé kí ijó dúró dìgbà tí omi bá mọ́. Ṣùgbọ́n ohun kan wà tí n kò ní fi sílẹ̀. Bí o bá ya àwọn ènìyàn níbi tí wọ́n ti ń jẹ ìṣáwùrú àti akàn, kí fíìmù náà sọ, ní gbólóhùn tó mọ́ gaara, ohun tó wà nínú omi tí akàn náà ti wá, bí ẹnikẹ́ni bá ti wọ̀n ọ́n. Bí ẹnikẹ́ni kò bá tíì wọ̀n ọ́n, kí o sọ ìyẹn náà, nítorí pé omi tí a kò wọ̀n jẹ́ ẹ̀sùn fúnra rẹ̀. Ohùn tí o ní o fẹ́ lò yẹn, lò ó fún èyí. Má sì fi sí ìparí níbi tí àwọn ènìyàn ti ń dìde. Fi sí àárín, nígbà tí ẹnu ṣì ń jẹun.

Bàbá_Ìlaró fèsì pé:

Ìyá Diobu, mo fara mọ́ ọ. Ọmọ mi Aláwòrán, kí o tó gbé kámẹ́rà, béèrè lọ́wọ́ wọn èyí tí wọn kò fẹ́ kí o yà. Bí wọ́n bá dárúkọ rẹ̀ fún ọ, a jẹ́ pé wọ́n ti gbà ọ́ sílé nìyẹn.

Aláwòrán_Ìbàdàn fèsì pé:

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín, mo sì ti ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ohun tí mo rí báyìí ni pé n kò ní lọ lọ́jọ́ tí òkun bá ń bínú. Ìyá aláṣọ híhun yẹn, bí ó bá gbà, ni mo fẹ́ bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀, kí ó máa fi ọwọ́ rẹ̀ hun nǹkan tí mo lè yà láìbi í léèrè ohunkóhun, títí yóò fi rẹ̀ ẹ́ tàbí títí aṣọ yóò fi tán. Ọ̀rọ̀ òkun, ọ̀rọ̀ owó tí wọ́n san fún ìdènà tí kò sí, àti ọ̀rọ̀ omi tí ẹnikẹ́ni kò wọ̀n, ohùn ni yóò gbé wọn wọlé láàárín iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n Ọmọ Ayétòrò, ẹ jọ̀ọ́, ṣé òfì kankan ṣì wà nínú ìlú? Kí sì ni kí n kọ́kọ́ ṣe bí mo bá dé?

Ọmọ_Ayétòrò fèsì pé:

Òfì ńlá ti bá omi lọ, ṣùgbọ́n ìyá náà ní igi rẹ̀ díẹ̀ tí ó so mọ́ àjà, mo mọ ẹni tó lè tò ó fún un. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni kí o wá, lẹ́yìn ọdún tuntun, nígbà tí omi máa ń rọlẹ̀. Gba Igbókòdá wọ ọkọ̀ ojú omi ní àárọ̀, má ṣe gba ti ọ̀sán nítorí afẹ́fẹ́. Ọ̀dọ̀ Ogeloyinbo ni o ó kọ́kọ́ lọ kí, òun ni olórí ìlú àti ìjọ, kí o sì sọ gbogbo ohun tí o kọ síbí fún un gẹ́gẹ́ bí o ti kọ ọ́. A máa ń bọ́ bàtà wọ inú ìlú, kò sí ẹni tó ń wọ̀ ọ́. Sọ fún un pẹ̀lú pé ẹ̀dà ohun tí o bá yà yóò wà lọ́wọ́ ìlú, pátápátá, títí kan èyí tí o kò lò, nítorí pé àwọn tó ti wá ṣáájú rẹ kò fi ẹyọ kan sílẹ̀ fún wa. Kọ iye ọjọ́ tí o fẹ́ lò sí mi ní ìkọ̀kọ̀, n ó bá ìyá náà sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ Àìkú tí mo bá lọ sílé.